Ìmọ́lẹ̀ síkírínì fún géèmù àtijọ́: lọ́sàn-án mi ò rí nǹkan kan, lóru ó ń gún mi lójú

ỌmọAkúrẹ́

Ẹ̀yin ará, ẹ kú àsìkò yìí o. Mo ní Miyoo Mini Plus kan, ẹ̀rọ kékeré tí wọ́n fi ń gbá géèmù àtijọ́ lọ́wọ́, OnionOS (ètò tó ń darí ẹ̀) ló wà lórí ẹ̀, Castlevania: Circle of the Moon ti Game Boy Advance (GBA) ni mò ń gbá lọ́wọ́lọ́wọ́. Tí mo bá jókòó síwájú ilé lọ́sàn-án, mi ò mọ èyí tó jẹ́ ògiri yàtọ̀ sí èyí tó jẹ́ ọ̀tá, gbogbo ẹ̀ kàn dúdú kirikiri ni, bẹ́ẹ̀ mo ti gbé brightness (bí ìmọ́lẹ̀ síkírínì ṣe pọ̀ tó) dé góńgó. Tó bá wá di alẹ́ tí wọ́n ti mú iná lọ, tí mo dùbúlẹ̀ tí mo ń gbá Tetris, mo ti rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀ débi tó lè dé, ó ṣì ń gún mi lójú. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti pẹ́ nídìí ẹ̀, báwo lẹ ṣe ń to tiyín? Bátìrì náà ń sáré tán o, ẹ jọ̀ọ́ ẹ má gbàgbé ìyẹn.

ÀgbàGBA

Àbúrò, fi síkírínì ẹ sílẹ̀ ná, géèmù yẹn gan-an ló dúdú látilẹ̀. GBA àkọ́kọ́ tó jáde ní 2001 ò ní iná kankan nínú, ìmọ́lẹ̀ tó bá bà lé e látìta ló máa ń tan padà sójú ẹ, torí náà tó ò bá jókòó sábẹ́ gílóòbù tàbí kó o kọjú sí fèrèsé, o ò rí ohun tó ò ń gbá. Orí irú síkírínì yẹn ni Konami wá gbé géèmù sí tó jẹ́ pé inú ààfin olókùnkùn ló ti bẹ̀rẹ̀ tó sì parí sí, wọ́n fi búlúù tó ṣú àti bíráùn tó ṣú kun gbogbo ẹ̀, àwa tá a gbá a nígbà yẹn mọ bá a ṣe ń tẹ ọrùn kiri wá ìmọ́lẹ̀. Ariwo yẹn dé etí wọn. Nígbà tí wọ́n fi máa gbé Harmony of Dissonance jáde ní 2002, àwọ̀ ẹ̀ ti tàn yòò, kódà wọ́n fi ilà búlúù yí ara ẹni tó ò ń darí ká kí ojú ẹ má bàa sọ ọ́ nù.

Ìdí tí mo fi ń sọ èyí ni pé géèmù GBA ò rí bákan náà lórí síkírínì òde òní. Àwọn kan wà bíi Circle of the Moon tó ṣú. Àwọn mí-ìn wà tó jẹ́ pé àwọn tó ṣe é ti mọ̀ pé síkírínì náà ò ní iná, wọ́n wá kun ún ní àwọ̀ tó mọ́ ju bó ṣe yẹ lọ kó lè hàn. Wo Super Mario Advance 2, kó o wá wo Super Mario World ti Super Nintendo tí wọ́n mú un jáde látinú ẹ̀: géèmù kan náà ni, àmọ́ ti GBA ti ṣá, bí aṣọ tí wọ́n sá sóòrùn pẹ́ jù. Torí náà tó o bá to brightness fún ọ̀kan, o ò tíì to ti èkejì, má sì jẹ́ kẹ́nikẹ́ni sọ nọ́ńbà kan fún ẹ pé òun ni kó o fi sí.

adé_pixel

Ẹ̀gbọ́n ti sọ òótọ́, jẹ́ kí n sọ ibi tí wọ́n ti ń tò ó. Tó o bá wà nínú géèmù lórí Onion, tẹ Menu pọ̀ mọ́ Select, mẹ́nù RetroArch (ètò tó ń gbé géèmù àtijọ́ ṣiṣẹ́) á ṣí, lọ sí Core Options (sẹ́tínìǹgì core, ìyẹn ètò tó ń ṣe bí ẹ̀rọ àtijọ́ náà), wá ibi tí wọ́n kọ Color Correction sí. Ohun tó ń ṣe ni pé ó máa ń mú àwọ̀ padà sí bó ṣe rí lórí GBA gidi, ìyẹn ni pé ó máa ń jẹ́ kó ṣú díẹ̀ kí àwọ̀ sì rọlẹ̀. Fún Mario tẹ́ ẹ ń sọ yẹn, tàn án, á dùn ún wò gan-an. Fún Circle of the Moon, pa á! Èèyàn ò lè máa fi òkùnkùn kún òkùnkùn. Lẹ́yìn náà lọ sí Manage Core Options kó o wá tẹ Save Game Options kó lè jẹ́ pé géèmù yẹn nìkan ló kàn, kó má lọ ba ti àwọn tó kù jẹ́.

Ìkejì, ṣé ìwọ lo kó géèmù sórí káàdì fúnra ẹ àbí wọ́n ti kó o sí i kó o tó rà á? Torí àwọn tó ń ta káàdì tó ti kún yẹn fẹ́ràn kí wọ́n máa fi ilà dúdúdúdú sórí ẹ̀ pé ó jọ tẹlifíṣọ̀n ayé àtijọ́.

ỌmọAkúrẹ́

Wọ́n ti kó o sí i ni o. Mo sì ń rí àwọn ilà tíntìntín bí àwọ̀n lójú ẹ̀, mo rò pé bẹ́ẹ̀ ló ṣe máa ń rí ni. Shader nìyẹn àbí?

adé_pixel

Rárá o, shader (ètò kékeré tó ń yí ojú àwòrán padà) ò lè ṣiṣẹ́ lórí Miyoo, kò ní GPU (ẹ̀yà tó ń bójú tó àwòrán). Overlay ni, tàbí video filter. Overlay ni àwòrán tí wọ́n tẹ́ lé orí géèmù, wàá rí i níbi tí wọ́n kọ On-Screen Overlay sí, o lè pa á tàbí kó o dín Opacity ẹ̀ kù kí ilà náà má dúdú tó bẹ́ẹ̀. Video filter wà nínú Settings, lábẹ́ Video. Gbogbo ilà dúdú tó o bá rí yẹn, ìmọ́lẹ̀ ló ń jẹ, torí ibi tí ilà bá bò, ìmọ́lẹ̀ ò lè gbabẹ̀ jáde, ìwọ á wá máa gbé brightness sókè láti fi dí i, bátìrì á sì máa sanwó ẹ̀. Ibẹ̀ ni bátìrì ẹ ń gbà lọ.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń lo èyí tó ní GPU, bíi RG35XX H tàbí Retroid, shader ni tiyín, ọ̀rọ̀ kan náà ni àmọ́ ẹ ní àǹfààní kan: ẹ lè wọ Shader Parameters kẹ́ ẹ dín bí ilà ṣe dúdú tó kù. Ẹ sì rántí pé ilà yẹn máa ń dára jù tí géèmù bá wọ síkírínì ní ìlọ́po tó pé. Síkírínì GBA jẹ́ 240 sí 160 pixel (àmì kéékèèké tó para pọ̀ di àwòrán). Lórí síkírínì 640 sí 480, ìlọ́po méjì ló lè wọ̀ láìyọ, á sì ku àlàfo dúdú tó pọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́. Tẹ́ ẹ bá wá fẹ̀ ẹ́ kó kún síkírínì, ilà á nípọn níbì kan á tín-ín-rín níbòmíì, apá kan àwòrán á dúdú ju apá kejì lọ, ẹ á rò pé iná síkírínì ló ti ń bàjẹ́. RG34XX ló bọ́ sí i jù nínú àwọn olówó pọ́ọ́kú, torí 720 sí 480 ni tiẹ̀, ìlọ́po mẹ́ta GBA gééré.

Bọ̀dáSọ́jí

Ẹ kú iṣẹ́ ọpọlọ. Èmi ò mọ gbogbo Core Options yìí, ohun tí mo mọ̀ ni pé kẹ́ ẹ yí ìjókòó yín padà. Síkírínì tuntun ní gíláàsì lójú, oòrùn tó bá ń tàn látẹ̀yìn yín sójú ẹ̀ ló ń pa á, ẹ kọ ẹ̀yìn sí ògiri tàbí kẹ́ ẹ wọ abẹ́ igi, ẹ ó rí i pé ìdajì brightness ti tó. Nínú mọ́tò, ẹ jókòó sí ìhà tí oòrùn ò sí. Èèyàn ò lè fi iná síkírínì tí ò ju ìka mẹ́rin lọ bá oòrùn ọ̀sán gangan jà kó borí, bátìrì ẹ̀ lásán ló ń fi ṣòfò.

ÀgbàGBA

Bọ̀dá, ẹ ṣé. Ẹ wá wò ó, ti àtijọ́ lòdì sí ti ìsinsìnyí pátápátá. GBA gidi, tàbí Game Boy Color ti 1998, oòrùn ló ń wá. Bóòrùn bá ṣe ń mú tó ni síkírínì ẹ̀ ṣe ń mọ́ tó! Kódà géèmù kan wà tó ń jẹ́ Boktai, 2003, wọ́n fi ohun tó ń mọ oòrùn lára sínú katiríìjì ẹ̀ gan-an, wàá gbé e síta kí ìbọn ẹ tó lè gba agbára. Tẹ́ ẹ bá ń gbá a lórí mGBA, core GBA kan, Solar Sensor Level wà nínú Core Options, ẹ lè fi ọwọ́ gbé oòrùn sókè lórí bẹ́ẹ̀dì yín. Èmi ò gbà pé ìyẹn ni kí èèyàn pè ní gbígbá Boktai ṣá o, àmọ́ òjò ń rọ̀ ní ìlú tiwa.

Àwọn tó bá ní Game Boy ti 1989 lọ́wọ́, róòlù kékeré tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ òsì yẹn, contrast (ìyàtọ̀ láàárín ibi tó ṣú àti ibi tó mọ́) ló ń yí, kò sí iná tó fẹ́ gbé sókè. Ẹ má yí i dé góńgó, àwòrán á ṣú pọ̀ mọ́ ẹ̀yìn ẹ̀. Àwọn Gunpei Yokoi tó ṣe é ní Nintendo mọ̀ọ́mọ̀ yọ iná kúrò nínú ẹ̀ kí bátìrì lè pẹ́ kí owó ẹ̀ sì wálẹ̀. Sega fi iná sínú Game Gear tiwọn, síkírínì aláwọ̀ mèremère, bátìrì AA mẹ́fà ló ń jẹ, láàárín wákàtí mẹ́ta sí márùn-ún ó ti kú. Ẹni tó ń bínú pé brightness ń jẹ bátìrì òun lónìí, ọ̀rọ̀ yẹn ti wà láti ayé Game Gear.

MàmáTèmi

Ẹ jọ̀ọ́ ẹ gbà mí láyè. Ọmọ mi ọkùnrin ló ní irú nǹkan yìí, abẹ́ bùláńkẹ́ẹ̀tì ló ti ń gbá a, orí ti ń fọ́ ọ báyìí. Èmi fúnra mi rẹ brightness ẹ̀ sílẹ̀ pátápátá, orí ṣì ń fọ́ ọ. Ṣé kí n gbà á lọ́wọ́ ẹ̀ ni?

Bọ̀dáSọ́jí

Ẹ gbà á kó sùn, màmá. 😂

adé_pixel

Màmá, ẹ má dá Bọ̀dá lóhùn. (Ó kúkú yẹ kó sùn lóòótọ́.) Nǹkan méjì ló máa ń fa irú ẹ̀. Àkọ́kọ́, inú òkùnkùn biribiri, bó ti wù kí ìmọ́lẹ̀ síkírínì kéré tó, òun nìkan ni ojú rí, ó dáa kẹ́ ẹ tan iná kékeré kan sínú yàrá, àní láńtánà tí wọ́n ń ṣájì, kẹ́ ẹ gbé e sẹ́yìn ọmọ náà kó má tàn sójú gíláàsì. Ìkejì ni pé àwọn síkírínì kan wà tó jẹ́ pé tẹ́ ẹ bá rẹ ìmọ́lẹ̀ wọn sílẹ̀, iná ẹ̀yìn wọn á máa tàn á máa kú kíákíákíá, ojú ò rí i àmọ́ orí àwọn èèyàn kan ń mọ̀ ọ́n. PWM ni wọ́n ń pè é. Irú èyí, tẹ́ ẹ bá rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀ pátápátá ló tún ń burú sí i. Ẹ gbé brightness sí àárín, kẹ́ ẹ wá jẹ́ kí géèmù fúnra ẹ̀ ṣú díẹ̀, mo máa ṣàlàyé ìyẹn fún ỌmọAkúrẹ́ nísàlẹ̀. Tó bá jẹ́ èyí tó ń lo Android ni, tó sì jẹ́ Android 12 sókè, Extra dim wà nínú sẹ́tínìǹgì ẹ̀, ó ń dín ìmọ́lẹ̀ kù kọjá ibi tí brightness lè dé. Tórí bá ṣì ń fọ́ ọ lẹ́yìn gbogbo ẹ̀, ẹ mú un lọ sọ́dọ̀ dókítà ojú, ó lè jẹ́ pé awò ló nílò.

Kẹ́hìndéLeeds

Ẹ nílẹ̀ o gbogbo ilé. Switch ti Nintendo lèmi ń lò, kò sẹ́ni tó tíì sọ̀rọ̀ nípa ẹ̀. Tẹ́ ẹ bá tẹ HOME mọ́lẹ̀ pẹ́ díẹ̀, ibi brightness á yọ láìjáde nínú géèmù, ọ̀pọ̀ ló ti ní Switch tipẹ́ tí wọn ò mọ̀. Auto-Brightness wà níbẹ̀, èmi máa ń pa á torí nínú reluwé, bí a bá ṣe ń wọ inú ihò tí a ń jáde ni síkírínì ń gòkè sọ̀kalẹ̀, á wá sú èèyàn.

Àwọn Game Boy àti GBA tí Nintendo kó sórí Switch Online (iṣẹ́ wọn tí èèyàn ń sanwó fún) láti February 2023, wọ́n ní sẹ́tínìǹgì tiwọn. Ti Game Boy, ẹ lè mú kó jọ Game Boy àkọ́kọ́, Pocket tàbí Color. Ti GBA náà ní èyí tó ń mú kó jọ ti àtijọ́. Lórí Switch OLED ẹ ṣọ́ra, torí dúdú ibẹ̀ dúdú pátápátá ni, iná ò sí níbẹ̀ rárá, ohun tó bá ti fẹ́ ṣú tẹ́lẹ̀ á kàn rì sínú ẹ̀. Síkírínì LCD ní tiẹ̀, dúdú ẹ̀ ò ju eérú lọ, torí iná wà lẹ́yìn gbogbo ojú ẹ̀, èyí ló fà á tó fi jẹ́ pé lóru, tẹ́ ẹ bá rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀, dúdú á túbọ̀ dúdú, àwòrán á sì dára sí i.

Ọmọ_PSP

PSP ti Sony ńkọ́ o? Èyí àkọ́kọ́, 1000, bọ́tìnnì kékeré kan wà nísàlẹ̀ síkírínì ẹ̀ tẹ́ ẹ máa tẹ̀ kí ìmọ́lẹ̀ máa gòkè ní ìpele ìpele, àmọ́ ìpele tó mọ́ jù, ó di ìgbà tẹ́ ẹ bá ki ṣájà bọ̀ ọ́. Mo rí i tí ẹnì kan ń tú tiẹ̀ palẹ̀ nítorí ẹ̀, pé iná ti bàjẹ́, kò sóhun tó ṣe é. Ní ilé wa bá ò bá ní iná ìjọba, ìpele yẹn jẹ́ ìtàn fún wa.

ÀgbàGBA

😂😂 Ọ̀rọ̀ lo sọ. Ẹni tó bá sì fẹ́ ra GBA SP (GBA tó ń ká, tó ní iná nínú) tòkunbọ̀, gbọ́ èyí kó o tó sanwó. Oríṣi méjì ló wà. AGS-001 ti 2003, iwájú ni iná ẹ̀ wà, ó ń tàn láti ẹ̀gbẹ́ sórí síkírínì, àwọ̀ ẹ̀ máa ń ṣe bàìbàì. AGS-101 ní iná lẹ́yìn, òun ló dára jù, owó ẹ̀ náà sì gòkè. Wọ́n kọ ọ́ sẹ́yìn ẹ̀ àmọ́ má gba ìwé yẹn gbọ́, àwọn tó ń tún un ṣe ti pààrọ̀ èèpo ọ̀pọ̀ nínú wọn. Tan án, kó o tẹ bọ́tìnnì iná tó wà láàárín nísàlẹ̀ síkírínì. Tí iná bá kú pátápátá, 001 ni. Tí kò bá kú tó kàn rẹlẹ̀ díẹ̀, 101 ni. Ẹni tó bá ń tà á tí kò jẹ́ kó o tàn án, kọjá lọ.

Àwọn mí-ìn á ní kẹ́ ẹ fi síkírínì IPS tuntun (oríṣi LCD kan) sínú GBA àtijọ́, ó dára gan-an, brightness tó ju ti 101 lọ ló ní, àmọ́ bátìrì AA méjì yẹn á tètè tán, tí géèmù tó ti ṣá bá sì dé orí ẹ̀, kò sí Color Correction tẹ́ ẹ máa tàn níbẹ̀ bíi ti RetroArch, àfi àwọn kit kan tó ní tiwọn. Èmi ò ṣe é sí tèmi. Mo fẹ́ kó máa wá oòrùn bó ṣe wà.

ỌmọAkúrẹ́

Ẹ ṣeun gan-an ni, ẹ̀gbọ́n mi gbogbo. Mo ti pa overlay yẹn, Color Correction náà mo ti pa á fún Circle of the Moon, mo ti ń rí àtẹ̀gùn báyìí, mo ti sọ brightness kalẹ̀ láti góńgó wá sí àárín àní lọ́sàn-án, lábẹ́ máńgòrò. Ó ku Tetris alẹ́ yẹn.

adé_pixel

Tetris ti Game Boy, ìwọ wo ẹ̀yìn ẹ̀, funfun báláú ni. Funfun yẹn ló ń gún ẹ lójú, torí lórí Game Boy gidi kò sí funfun kankan, àwọ̀ ewé tó rẹlẹ̀ ni. Tó bá jẹ́ Gambatte, core ti Game Boy, lò ń lò, Menu pẹ̀lú Select, Core Options, GB Colorization, fi sí Internal, kó o wá lọ sí Internal Palette (àkójọ àwọ̀), mú GB - DMG (àwọ̀ Game Boy àkọ́kọ́), funfun á lọ, ewé á dé. Ojú á rọ̀ ẹ́ láìfọwọ́ kan brightness. GB - Pocket náà dáa tó ò bá fẹ́ ewé.

Tó bá jẹ́ géèmù aláwọ̀ ti Game Boy Color ni, èyí tí ò nílò palette, Gambatte yẹn náà ní Dark Filter Level. Ohun tó dáa nínú ẹ̀ ni pé ohun tó mọ́ jù ló ń dín kù, kì í fọwọ́ kan èyí tó ti ṣú tẹ́lẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Bẹ̀rẹ̀ láti kékeré kó o máa gbé e sókè. MàmáTèmi, èyí ni mo ní kẹ́ ẹ dúró dè.

Fún brightness gan-an lórí Miyoo Mini Plus, Menu pẹ̀lú bọ́tìnnì volume, o ò nílò kó o máa jáde nínú géèmù. Nínú sẹ́tínìǹgì Miyoo fúnra ẹ̀, contrast àti saturation (bí àwọ̀ ṣe jinlẹ̀ tó) wà níbẹ̀, má fọwọ́ kàn wọ́n o, gbogbo géèmù ni wọ́n ń bá lọ, ohun tó tún ti Castlevania ṣe lónìí á ba ti Pokémon jẹ́ lọ́la, wàá sì ti gbàgbé ibi tó o ti yí i.

Bọ̀dáSọ́jí

Mo ti yí tèmi, mo ti gbàgbé ibẹ̀. 😂 Báwo ni wọ́n ṣe ń dá a padà?

adé_pixel

Ẹ wọ Settings, kẹ́ ẹ lọ sí Display, ẹ fi contrast àti saturation sí àárín, ibẹ̀ ni wọ́n máa ń wà látilẹ̀. Ẹ sọ fún mi tí kò bá rí bẹ́ẹ̀.